Epo Abẹ́ Igi Àgbọn

Ohun tí ẹ ń fura sí náà ni: wọn ò rí epo. Gbogbo ariwo tí àwọn òyìnbó awapo pa ní agbègbè Ẹ̀pẹ́ nígbà náà, gbogbo ihò tí wọ́n dá lu ilẹ̀, gbogbo dáńámáìtì tí wọ́n yìn tí ẹja fi ń léfòó lọ́sà láìsí ẹni tó dẹ àwọ̀n, omi oníyọ̀ ló ti ibẹ̀ jáde, irú èyí tí ìyá arúgbó lè fi igbá bù létí ọ̀sà láìda ẹnikẹ́ni láàmú. Nítorí náà, bó bá jẹ́ epo lẹ ń wá, ẹ ò ní rí i níbí. Àlímì Àjàlá lẹ máa rí. Òun náà jìn tó ihò, ó sì ṣófo bákan náà.

Ọmọ Èkó-Ẹ̀pẹ́ ni Àlímì, ìran àwọn tó sá kúrò ní Ìsàlẹ̀ Èkó nígbà tí ọkọ̀ ogun òyìnbó yìnbọn lu ìlú, tí wọ́n wá tẹ̀dó sẹ́gbẹ̀ẹ́ àwọn Ìjẹ̀bú tó ti wà ní Ẹ̀pẹ́ ṣáájú wọn. Ó ṣe akọ̀wé nílé ìkẹ́rùsí ní Èkó títí wọ́n fi ní kó lọ sinmi. Nígbà tó ń padà bọ̀ wálé, ó kó kóòtù dúdú kan bọ̀, àti akẹtẹ̀ òyìnbó funfun, àti ohùn kan tó máa ń gbé wọ̀ bí aṣọ nígbà tí àlejò bá dé. Mùlíkátù ìyàwó rẹ̀ ní láti ilé ìdáná lòun ti máa ń mọ̀ bóyá ẹni ńlá ló wọlé tàbí ẹni kékeré. Ohùn ọkọ òun lòun fi ń wọ̀n ọ́n, ìyẹn náà lòun sì fi ń mọ̀ bóyá kí òun pa adìẹ.

Ohun tó dun Àlímì jù láyé ni pé kò sí ohun tí ẹnikẹ́ni lè tìtorí rẹ̀ dìde fún un. Akọ̀wé pọ̀ ní Ẹ̀pẹ́. Àwọn tó ti lọ sí Mẹ́kà ń pọ̀ sí i. Ilẹ̀ nìkan ló kù, òun ló sì máa ń rò fún àlejò. Ìtàn rẹ̀ ni pé ìbọn ni baba baba òun fi gba ilẹ̀ tí àwọn ń jẹ. Ọwọ́ ta ló ti gbà á? Ìtàn náà kì í dé ibẹ̀. Bí àlejò bá fẹ́ bèèrè, Àlímì á ní kí wọ́n gbé tíì wá.

Ilẹ̀ tó ń sọ náà wà lẹ́yìn ìlú, létí ọ̀sà, igi àgbọn ló kún inú rẹ̀. Kì í ṣe Àlímì ló ń tọ́jú ibẹ̀. Sèlíátù ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ni. Òun ló ń kó àgbọn, tó ń fọ́ ọ, tó ń rin ín, tó ń sè é di àdí tó ń tà. Ọbàkan ni òun àti Àlímì: Sàlímọ́nù Àjàlá ló bí àwọn méjèèjì, ṣùgbọ́n ìyá wọn yàtọ̀. Rọ̀kíbátù, ọmọ Ìjẹ̀bú-Ẹ̀pẹ́, ni ìyáálé, òun ló bí Sèlíátù. Ìyàwó kékeré ló bí Àlímì, ó sì kú nígbà tí ọmọ náà kò tí ì já lẹ́nu ọmú. Ẹ̀yìn Sèlíátù ló gbé títí ẹsẹ̀ rẹ̀ fi ń wọ́ nílẹ̀. Nígbà tí ọkọ Sèlíátù kú, ó padà wá sínú yàrá ẹ̀yìn nílé baba wọn. Àlímì ló wà ní iwájú, níbi tí fèrèsé ti kọjú sí títì.

Kò pẹ́ lẹ́yìn tí ọ̀nà mọ́tò là láti Ìkòròdú dé Èkó ni àwọn awapo dé. Wọ́n kọ́kọ́ la igbó tààrà bí ẹni fa ìlà sórí ìwé, wọn ò yà fún oko, wọn ò yà fún ibojì. Lẹ́yìn náà wọ́n ń gbẹ́ ihò tóóró sójú ìlà náà, wọ́n ń ki dáńámáìtì bọ̀ ọ́, wọ́n ń yìn ín, wọ́n sì ń fi ẹ̀rọ kan gbọ́ bí ilẹ̀ ṣe ń dáhùn. Àwọn ará Ẹ̀pẹ́ ní ilẹ̀kùn àwọn òkú ni òyìnbó ń kàn, wọ́n fẹ́ mọ ẹni tó wà nílé. Omi kànga dàrú. Ògiri ilé kan là. Àwọn àgbà lọ fẹjọ́ sùn, wọ́n fún wọn ní sìgá.

Àlímì kò fẹjọ́ sùn. Bí ìró náà bá ti dún, ṣe ló dà bíi pé wọ́n ń ki oríkì rẹ̀. Ọ̀kan nínú àwọn ìlà náà gba inú oko àgbọn kọjá, wọ́n sì gbé ẹ̀rọ ìdálẹ̀lu kékeré kan sí ẹ̀gbẹ́ oko náà. Ọjọ́ tí wọ́n gbé e síbẹ̀ ni Àlímì wọ kóòtù lọ sóko fún ìgbà àkọ́kọ́ láyé rẹ̀.

Yísà, ọmọ Ìkòròdú kan, ni olórí àwọn lébìrà tó ń darí ẹ̀rọ náà. Ẹni tó máa ń rẹ́rìn-ín nínú ni, kì í jẹ́ kó yọ síta. Ó rí kóòtù, ó rí akẹtẹ̀, ó mọ irú ẹni tó dé. Àlímì bi í léèrè bóyá wọ́n ti rí nǹkan. Yísà wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó ní òun ò gbọdọ̀ sọ, ṣùgbọ́n kí bàbá mú ìgò wá. Ó bẹ̀rẹ̀ sábẹ́ ẹ̀rọ, níbi tí gíríìsì àti ọ́ìlì tó ti jóná ti ń kán sílẹ̀, ó bu ìgò náà kún, ó fi ewé dí i lẹ́nu.

"Ẹ má jẹ́ kí òyìnbó rí i o, bàbá," ó ní. "Nǹkan ilé yín ni, ṣùgbọ́n ẹ ṣì máa fi pamọ́ ná."

Láti ọjọ́ náà, inú àpò kóòtù Àlímì ni ìgò yẹn ń gbé. Àlejò kì í tíì jókòó dáadáa tí Àlímì á ti gbé e sí i nímú. Ẹni tó bá sọ pé ó ń rùn bí abẹ́ mọ́tò, Àlímì á fi àánú rẹ́rìn-ín sí i, á ní báwo ni kò ṣe ní rùn bẹ́ẹ̀, ṣebí òun ni mọ́tò ń mu. Ó sì ránṣẹ́ sí Èkó kí wọ́n bá òun ṣe òǹtẹ̀ rọ́bà kan. Ohun tó wà lójú òǹtẹ̀ náà ni A. S. ÀJÀLÁ, ONÍLẸ̀ EPO. Ó lù ú mọ́ ìwé, ó lù ú mọ́ àpò gàrí, ó lù ú mọ́ ẹ̀yìn àga. Mùlíkátù bá a lára ìrọ̀rí, ó bèèrè bóyá wọ́n ti rí epo lábẹ́ ìyẹn náà.

Nígbà tí àwọn páìpù ńlá dé, Ìpàkodò, èbúté Ìkòròdú, ni wọ́n kọ́kọ́ já wọn sí, nítorí ibẹ̀ ni àwọn awapo ń kó ẹrù wọn sí kí ọkọ̀ ojú omi mìíràn tó gbé e wá sí Ẹ̀pẹ́. Àlímì ní onílẹ̀ gidi kì í jókòó sílé kí àlejò rẹ̀ máa bọ̀ lọ́nà. Ó wọkọ̀ lọ. Ó dúró létí omi, akẹtẹ̀ lórí, ó sì ka ọ̀rọ̀ ìkíni kan tó ti kọ sílẹ̀ lédè Gẹ̀ẹ́sì fún òyìnbó tó ń ṣètò páìpù. Òyìnbó náà gbọ́ díẹ̀ nínú rẹ̀, ó nàka sí ilé kan lókèèrè, ó ní ibẹ̀ ni wọ́n ti ń gba kúùkù tó ń se oúnjẹ síṣẹ́.

Àwọn obìnrin tó ń yan ẹja níbẹ̀ kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, ṣùgbọ́n wọ́n gbọ́ kúùkù. Ọ̀kan nínú wọn, Fàlílátù, tí ahọ́n rẹ̀ mú ju ọ̀bẹ tó fi ń la ẹja lọ, bèèrè ohun tí bàbá ní tó fi ń kàwé fún òyìnbó láàárín oòrùn. Àlímì ní epo lòun ní, lábẹ́ ilẹ̀ òun.

"Epo kẹ̀," Fàlílátù wí. "Ẹ bu díẹ̀ fún mi, bàbá. Ọbẹ̀ mi ti wà lórí iná."

Àlímì fara balẹ̀ ṣàlàyé fún un. Kì í ṣe epo pupa. Epo tó wà lábẹ́ àpáta ni, kò ṣeé jẹ.

"Kò ṣeé sebẹ̀, kò ṣeé fi para, iná nìkan ló mọ̀ ọ́n jẹ." Fàlílátù yí ẹja rẹ̀ padà. "Ẹ rọra o, onílẹ̀ epo. Ẹ má sùn tì í."

Nígbà tí Àlímì padà dé Ẹ̀pẹ́, ó ní tọwọ́tẹsẹ̀ ni Ìkòròdú fi gba òun.

Ohun tó wá da gbogbo rẹ̀ rú ni ìkéde tí ọ̀gá àwọn awapo ṣe. Wọ́n ní ẹ̀rọ ńlá, èyí tó ga ju mọ́ṣáláṣí lọ, àárín oko àgbọn ni àwọn fẹ́ gbé e kalẹ̀ sí. Wọ́n máa san owó ilẹ̀ fún onílẹ̀. Ṣùgbọ́n onílẹ̀ kan ṣoṣo ni wọ́n fẹ́ máa bá sọ̀rọ̀. Wọ́n ti bá ẹbí ṣòwò níbòmíràn, ojú wọn rí màbo. Ajẹ́lẹ̀ òyìnbó tó ń ṣàkóso àgbègbè náà máa jókòó ní kóòtù ìbílẹ̀ lọ́jọ́ Ajé tó ń bọ̀, kí ìlú wá sọ fún un ẹni tó ni ilẹ̀ náà, kó sì parí síbẹ̀.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ ìkéde náà, Sèlíátù wá bá àbúrò rẹ̀ ní iwájú ilé. Ó fa àpótí jókòó. Ó ní òun ti gbọ́ ohun tí òyìnbó wí.

"Ìwọ lo gbọ́ èdè wọn," ó ní. "Ìwọ ni kó o sọ̀rọ̀, èmi á kàn dúró tì ọ́. Ohun tí wọ́n bá fún wa, ká jọ pín in. Ọmọ baba kan náà ṣáà ni wá."

Nínú gbogbo ohun tó sọ yìí, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló wọ Àlímì létí, òun náà ni "pín". Kì í ṣe owó ló ń rò, ká má purọ́ mọ́ ọn. Òǹtẹ̀ ló ń rò. Ta ló ń jẹ́ Àbọ̀ Onílẹ̀ Epo? Ó sọ fún ẹ̀gbọ́n rẹ̀ pé kí ẹ̀gbọ́n lọ sinmi, òun á ro ọ̀rọ̀ náà.

Ó rò ó lọ sọ́dọ̀ Lèmọ́mù. Ó bèèrè ọ̀rọ̀ ogún bí ẹni tó kàn fẹ́ mọ̀ fún ìmọ̀. Lèmọ́mù ní ìdajì ìpín ọmọkùnrin ni ti ọmọbìnrin. Àlímì ní bí kì í bá wá ṣe ọmọ òkú náà ńkọ́, bó bá jẹ́ pé ìyá rẹ̀ ti lóyún rẹ̀ kó tó wọlé ọkọ? Lèmọ́mù wò ó títí. Ó ní bí kì í bá ṣe ọmọ rẹ̀, kò ní ìpín kankan nínú ohun ìní baba. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá fẹ́ sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ nípa obìnrin tó ti kú, kó kọ́kọ́ wo ẹrù tó ń gbé karí. Àlímì dúpẹ́ púpọ̀. Ìdajì àkọ́kọ́ ọ̀rọ̀ náà ló gbé lọ sílé.

Kó tó di Jímọ̀, gbogbo Ẹ̀pẹ́ ti gbọ́ pé oyún ni Rọ̀kíbátù gbé wọlé Àjàlá. Ta ló sọ fún Àlímì? Baba rẹ̀ ni, nígbà tó ń kú lọ, kò sì sí ẹlòmíràn nínú yàrá. Irọ́ tó dára ni bí a bá wò ó dáadáa, nítorí àwọn tó lè já a ti wà nínú ilẹ̀, dáńámáìtì pàápàá kò sì tí ì jí wọn. Ọ̀rọ̀ náà bá ọkọ̀ dé Ìpàkodò, níbi tí Kúbúrátù, ọmọbìnrin Sèlíátù, ti ń gbé nílé ọkọ. Ìyá ọkọ rẹ̀ ní ó ti pẹ́ tí òun ti ń wò ó pé ìrìn ọmọ yìí kò jọ ìrìn ọmọ ilé rere. Láti ọjọ́ náà kò fẹnu kan oúnjẹ tí Kúbúrátù bá sè mọ́.

Àwọn àgbà ní bó bá dá Àlímì lójú, kó búra. Àlímì ní ohun tí òun ń dúró dè nìyẹn. Àlùkùránì ni òun fẹ́ fi búra, lẹ́yìn ìrun Jímọ̀, ní gbangba. Òun fúnra rẹ̀ ló lọ pe Adélàjà, àgbà Ìjẹ̀bú-Ẹ̀pẹ́ tó jẹ́ olórí ẹbí Rọ̀kíbátù, pé kó wá fi etí ara rẹ̀ gbọ́, kí ẹnikẹ́ni níhà ìyá má baà dìde lọ́la pé àwọn ò sí níbẹ̀. Mùlíkátù ní kó ṣọ́ra, ó ní ẹni tó ń yẹ̀yẹ́ òkú kì í mọ ibi tí èsì máa gbà yọ. Àlímì ní obìnrin kò mọ òfin.

Adélàjà wá. Ọmọ ṣọ́ọ̀ṣì ni, nítorí náà wọ́n gbé àga fún un sínú àgbàlá mọ́ṣáláṣí, lábẹ́ igi, èrò sì yí ibẹ̀ ká. Sèlíátù jókòó láàárín àwọn obìnrin. Kò sunkún. Èyí bí àwọn tó wá wòran nínú díẹ̀.

Lèmọ́mù gbé Àlùkùránì dání. "Àlímì," ó ní, "ìbúra kì í ṣe kóòtù tí èèyàn ń bọ́ nígbà tí oòrùn bá mú. Ṣé o ṣì fẹ́?"

"Mo fẹ́ ẹ, Lèmọ́mù."

Ó gbọ́wọ́ lé e. Ohùn àlejò ńlá ló gbé wọ̀.

"Mo fi Àlùkùránì yìí búra pé Sàlímọ́nù Àjàlá kọ́ ló bí Sèlíátù. Èmi àti òun kì í ṣe ọbàkan. Kò sí ẹ̀jẹ̀ kankan tó pa wá pọ̀."

Ó yẹ kó dúró níbẹ̀. Ohun tí ìlú bèèrè kò ju ìyẹn lọ. Ṣùgbọ́n èrò pọ̀, ojú gbogbo wọn wà lára rẹ̀, ó sì ti ń retí irú ọjọ́ bẹ́ẹ̀ láti ìgbà tó ti ń ka àpò nílé ìkẹ́rùsí.

"Ohun tó jẹ́ tèmi, kì í ṣe tirẹ̀," ó fi kún un. "Ohun tó jẹ́ tirẹ̀, kì í ṣe tèmi. Bí mo bá fi ọwọ́ mi kan nǹkan rẹ̀ láyé, kí Ọlọ́run bi mí."

Adélàjà na ọrùn. "Etí mi ti ń di," ó ní. "Jọ̀ọ́, tún èyí tó gbẹ̀yìn yẹn sọ."

Inú Àlímì dùn pé àgbàlagbà fẹ́ràn rẹ̀ tó bẹ́ẹ̀. Ó tún un sọ ketekete, ó sì fi "títí láé" parí rẹ̀. Àwọn àgbà Ìjẹ̀bú kan wo ara wọn, wọ́n sì wo ilẹ̀. Ó yẹ kí ẹnìkan fà á láṣọ nígbà yẹn. Kò sẹ́ni tó fà á. Ẹ̀pẹ́ láàánú, ṣùgbọ́n ó tún fẹ́ràn ìran.

Adélàjà yíjú sí Sèlíátù, ó bèèrè bóyá òun náà gbọ́.

"Mo gbọ́, bàbá," Sèlíátù dáhùn. "Kí Ọlọ́run gbà á bẹ́ẹ̀."

Àlímì ka ìyẹn sí pé ó ti juwọ́ sílẹ̀. Kí oòrùn tó là dáadáa lọ́jọ́ kejì, ó ti kó àwọn alágbàṣe aláàáké lọ sínú oko àgbọn, ó ní kí wọ́n gé e láti ìkángun kan dé èkejì, kí ẹ̀rọ òyìnbó lè bá ilẹ̀ mímọ́ tónítóní. Yísà sọ fún un láti ibi ẹ̀rọ kékeré pé ibi tí wọ́n fẹ́ lò kò ju ìdámẹ́rin oko náà lọ. Àlímì ní òyìnbó kì í fẹ́ ìdọ̀tí. Àwọn igi tí Sèlíátù ti ń gbé agbọ̀n lọ sí ìdí wọn láti ìgbà tó ti wà ní wúńdíá, wọ́n ń wó lulẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, ìró wọn sì ń dún dé inú ìlú. Sèlíátù dúró létí oko, ó wò ó títí igi tó gbẹ̀yìn fi lulẹ̀. Àgbọn tútù fọ́ káàkiri, àwọn alágbàṣe ń mu omi rẹ̀, wọ́n ń ṣàdúà fún onílẹ̀ epo.

Nígbà tí Sèlíátù padà délé, ó bá ẹní rẹ̀ àti àpótí aṣọ rẹ̀ níta. Títí di Jímọ̀ yẹn, "ẹ̀yin" ni Àlímì máa ń pè é, bó ti yẹ kí àbúrò máa pe ẹ̀gbọ́n. Àní nígbà tó ń ba orúkọ rẹ̀ jẹ́ káàkiri ìlú, bó bá pàdé rẹ̀ lẹ́yìnkùlé, "ẹ káàárọ̀" ló máa ń kí i. Ọjọ́ náà ni ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ yí padà.

"Ilé Àjàlá nìyí," ó ní. "Ìwọ kì í ṣe Àjàlá. Máa wá ibi tí o máa gbé."

Sèlíátù kò bá a jà. Ó wọlé, ó kó àwo rẹ̀, ó kó ọpọ́n rẹ̀, ó wá gbé ìkòkò ńlá tó fi ń se àdí jáde. Àlímì dúró lẹ́nu ọ̀nà.

"Ìkòkò yẹn, baba mi ló ni ín."

"Ìyá mi ló ni ín, Àlímì."

Ó rò ó wò, ó sì pinnu láti ṣe bí ọlọ́lá. "Ohun tó bá ti jẹ́ ti ìyá rẹ, máa kó o lọ. Mi ò fẹ́ kí ohunkóhun ti ìyá rẹ ṣẹ́kù sọ́dọ̀ mi."

Sèlíátù gbé ìkòkò náà sílẹ̀. Ó wo ojú àbúrò rẹ̀, ó wo ògiri ilé náà, ó sì tún ìkòkò rẹ̀ gbé. Kúbúrátù ti mú ọkọ̀ ojú omi dé láti Ìpàkodò. Òun àti Mùlíkátù ló gbé ẹrù náà lọ sí etídò, àwọn aládùúgbò ń yọjú lójú fèrèsé, kò sẹ́ni tó jáde wá bá wọn gbé e. Nígbà tí Mùlíkátù padà, kò bá ọkọ rẹ̀ sọ̀rọ̀. Àlímì kò mọ̀. Ó ń fi kẹ́rosíìnì nu òǹtẹ̀ rẹ̀, kí ojú rẹ̀ lè mọ́ dọjọ́ Ajé.

Lọ́jọ́ Ajé, kóòtù ìbílẹ̀ kún dé ẹnu ọ̀nà. Ajẹ́lẹ̀ jókòó sórí àga gíga, ògbufọ̀ rẹ̀ wà lọ́tùn-ún, ọ̀gá àwọn awapo wà lósì, ó ń wo aago. Sèlíátù àti Kúbúrátù jókòó lẹ́yìn pátápátá. Wọ́n pe Àlímì. Ògbufọ̀ fẹ́ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, Àlímì gbọ́wọ́ sókè dá a dúró, ó ní èdè Ọba lòun máa sọ. Ó sọ ọ́. Ó gùn, ó ní ìkorò, ó ní dídùn, ó ní ibi tí ohùn ti ń wálẹ̀ jẹ́jẹ́. Nígbà tó parí, Ajẹ́lẹ̀ rọra yíjú sí ògbufọ̀, ó ní kó wá sọ ohun tí ọkùnrin yìí wí fún òun ní Gẹ̀ẹ́sì.

Ẹ̀rín sọ lẹ́yìn. Àlímì rò pé inú ìlú ló ń dùn sí òun.

Ọ̀rọ̀ kò pẹ́ lẹ́yìn náà. Lèmọ́mù jẹ́rìí pé Àlímì búra. Ajẹ́lẹ̀ bèèrè bóyá Sèlíátù ní ohun tó fẹ́ sọ sí ìbúra náà. Sèlíátù dìde, ó ní rárá, bó ṣe búra náà ni kí wọ́n gbà á. Ọ̀gá awapo ti ń ṣí ìdérí gègé rẹ̀. Àlímì mú òǹtẹ̀ jáde, ó mí hàà sí i lẹ́ẹ̀mejì kí ó lè lọ́rinrin, ó sì gbé e dúró lókè tábìlì.

Ajẹ́lẹ̀ ní ó ku ohun kékeré kan, kí gbogbo rẹ̀ lè tò. Ta ló ni ilẹ̀ náà kí àwọn Àjàlá tó dé ibẹ̀?

Àlímì sọ ìtàn ìbọn. Kò sí tíì níbẹ̀ tí wọ́n lè gbé wá. Ajẹ́lẹ̀ bèèrè ọwọ́ ẹni tí wọ́n ti gbà á. Àlímì ní àwọn Ìjẹ̀bú ni, ó sì nàka sí Adélàjà, ó ní kí wọ́n bi àgbàlagbà yẹn, ẹni tó gbọ́ ìbúra òun lẹ́ẹ̀mejì, tó sì mọ̀ pé òun kì í purọ́.

Adélàjà fi ọ̀pá gbé ara rẹ̀ dìde. Ó ní lóòótọ́ ni, òun gbọ́ ìbúra náà. Ọmọ yìí ní òun àti Sèlíátù kì í ṣe ẹbí, ó ní ohun tó bá jẹ́ ti Sèlíátù kì í ṣe ti òun títí láé. Gbogbo ìlú ló jẹ́ ẹlẹ́rìí. Ògbufọ̀ sọ ọ́ di Gẹ̀ẹ́sì. Ajẹ́lẹ̀ mi orí, ó ní kó wá sọ ti ìbọn.

"A kò gbọ́ ìbọn kankan," Adélàjà wí. "A kò sì fún Àjàlá ní ilẹ̀ rí. Nígbà tí Rọ̀kíbátù ọmọ wa ń lọ sílé ọkọ, òun la fún ní ilẹ̀ àgbọn yẹn, òun la sì fún ní ibi tí ọkọ rẹ̀ kọ́ ilé sí nínú ìlú, òun àti ọmọ tó bá bí. Sèlíátù nìkan ló bí."